Amí Ikú Nínú Yàrá Ìyá Mi

Ẹ má wulẹ̀ bi mí bóyá mo gbà pé òkú máa ń padà wálé. Aránṣọ ni mí ní Ìkìrun. Ohun tí mo bá fi téèpù wọ̀n ni mo máa ń jiyàn lé lórí. Ṣùgbọ́n ní ọdún tí àbúrò mi ọkùnrin ti ogun Làìbéríà dé, tó mú ajá ogun kan wá sí ilé ìyá wa ní Inísà, mo fojú ara mi rí ohun kan nínú yàrá ìyá wa, lọ́sàn-án gangan, tó jẹ́ pé títí dòní bí mo bá rántí rẹ̀, ara mi á bù máṣọ.

Àbúrò mi kì í ṣe ṣọ́jà tó ń gbé ìbọn sáré kiri. Ajá ni iṣẹ́ tirẹ̀. Òun àti ajá yìí ni wọ́n jọ kọ́ṣẹ́, àwọn ni wọ́n sì jọ ń ṣáájú àwọn ọmọ ogun yòókù lójú ọ̀nà tí àwọn ọ̀tá bá ti ri bọ́ǹbù mọ́lẹ̀. Bí ajá náà bá gbóòórùn ẹ̀tù, kò gbọdọ̀ gbó, kò gbọdọ̀ fẹsẹ̀ tú ilẹ̀. Yóò kàn jókòó ni. Yóò dojú kọ ibẹ̀, kò ní mira, títí ọ̀gá rẹ̀ yóò fi wá wo ohun tó rí. Àbúrò mi ní ṣọ́jà tó bá fojú di ìjókòó ajá, ègé-ègé ni wọ́n ń ṣa ẹran ara rẹ̀ jọ. Nígbà tí ajá náà darúgbó tí etí rẹ̀ kan di, wọ́n ní kí wọ́n yìnbọn fún un. Àbúrò mi dọ̀bálẹ̀ gbalaja níwájú ọ̀gá rẹ̀ títí wọ́n fi yọ̀ǹda ajá náà fún un.

"Ṣọ́jà" ni gbogbo àdúgbò ń pè é. Ó dúdú, ó ga, kì í sì í gbó. Ẹ gbọ́ ná, ajá tí kì í gbó! Ní Inísà wa níbẹ̀, níbi tí ajá ti ń gbó ewé tó bá já bọ́ lórí igi. Tirẹ̀ kọ́ nìyẹn. Ìwọ á kàn bojú wẹ̀yìn, wàá rí i tó dúró tó ń wò ọ́.

Bí mo bá wá kí ìyá wa láti Ìkìrun ní òpin ọ̀sẹ̀, ìta ilé la máa ń jókòó sí ní ìrọ̀lẹ́, àbúrò mi á sì máa sọ ohun tí wọ́n kọ́ wọn nípa àwọn ẹranko tí aráyé ti fi jagun. Ó ní ẹyẹlé ti gbé lẹ́tà la àárín ìbọn kọjá, tí ọta bà á ní àyà tó sì tún fò dé ibi tí wọ́n rán an. Ó ní àwọn òyìnbó ní ẹja ńlá kan tó ń mí bí ènìyàn, tí wọ́n kọ́ pé kó máa wá bọ́ǹbù lábẹ́ òkun. Ó ní wọ́n tiẹ̀ ti gbìyànjú láti fi ológbò ṣe amí rí.

"Ológbò kẹ̀?" Màámi bú sẹ́rìn-ín. "Ta ló rán ológbò níṣẹ́ rí tó jẹ́ ẹ?"

Bàbá ọdẹ kan wà ní agboolé wa, wọ́n ti dàgbà gan-an, wọ́n fẹ́ràn láti máa jókòó tì wá. Wọ́n ní kì í ṣe òyìnbó nìkan. Wọ́n ní àwọn baba wa fi oyin jagun, wọ́n á tú u sójú ọ̀nà ọ̀tá, ọ̀tá á ju ìbọn sílẹ̀. Wọ́n ní àwọn ẹṣin tí àwọn ará Ìlọrin gùn wá bá wa jà láyé ọjọ́un, odò Ọ̀tìn ló gbé èyí tó pọ̀ jù nínú wọn nígbà tí ogun lé wọn dé etí omi. "Ẹṣin ò bá ẹnikẹ́ni jà," ni wọ́n sọ. "Wọ́n kàn gùn ún wá kú ni. Ìdí nìyẹn tí ẹ̀mí rẹ̀ kò fi lọ. Bí ẹ bá dé etí Ọ̀tìn lọ́sàn-án tí ibẹ̀ bá dá, ẹ fetí sílẹ̀, ẹ ó gbọ́ pátákò." Mo ní kí wọ́n má dẹ́rù bà wá. Wọ́n ní àwọn ò dẹ́rù ba ẹnikẹ́ni, àwọn ń ṣàlàyé ni.

Kí n sọ ti bàbá wa kí ọ̀rọ̀ yìí tó lè yé yín. Ọdẹ ni bàbá wa, ọdẹ gidi, kì í ṣe àwọn tó ń lé òkété lẹ́yìnkùlé. Wọ́n ti kú ní bí ọdún mẹ́ta kí ajá tó dé. Lọ́dọ̀ wa, bí ọdẹ bá kú, àwọn ọdẹ ẹgbẹ́ rẹ̀ gbọ́dọ̀ wá ṣípà rẹ̀. Wọ́n á gba ẹ̀wù gbérí tó fi ń ṣọdẹ, wọ́n á gba ẹ̀tù rẹ̀ àti àwọn nǹkan ọdẹ rẹ̀ yòókù, wọ́n á sun ìrèmọ̀jé, arò ìdágbére ọdẹ, fún un, wọ́n á sì kó gbogbo rẹ̀ lọ sínú igbó, kí òun àti aráyé lè pínyà pátápátá. Wọ́n ní ọdẹ tí wọn ò bá ṣípà rẹ̀ ò ní lọ, pé yóò máa padà wá wo ẹrù rẹ̀. Ṣùgbọ́n Màámi ti wọ ìjọ Aládùúrà nígbà yẹn, wọ́n ti ń wọ sùtánà funfun. Nígbà tí àwọn ọdẹ dé, Màámi dúró sẹ́nu ọ̀nà, wọ́n ní ìjọ àwọn ò fàyè gba irú nǹkan bẹ́ẹ̀, wọ́n ní àti pé àwọn ti dáná sun gbogbo ẹrù bàbá. Àwọn ọdẹ mi orí, wọ́n sì lọ.

Àárọ̀ ọjọ́ kan ni Ṣọ́jà dìde ní ibi tó sùn sí, ó lọ jókòó sẹ́nu ọ̀nà yàrá bàbá ọdẹ agboolé wa. Ó dojú kọ ilẹ̀kùn, kò mira. Bàbá jáde, wọ́n bá a níbẹ̀, wọ́n rẹ́rìn-ín, wọ́n ní, "Àlejò mi dé." Kí ọ̀sẹ̀ yẹn tó parí, wọ́n bá bàbá lórí ẹní, ara wọn ti tutù.

Àgbàlagbà ni wọ́n, àgbàlagbà máa ń kú. Ṣùgbọ́n nígbà tó pẹ́ díẹ̀, àbúrò mi mú ajá dání lọ kí ọ̀rẹ́ bàbá wa kan ní Òkukù, ọdẹ ni àwọn náà, àwọn gan-an ni wọ́n ṣáájú àwọn tó wá ṣípà bàbá wa tí Màámi dá padà. Ṣọ́jà dé pálọ̀ wọn, ó rìn tààrà lọ sẹ́nu ọ̀nà yàrá, ó jókòó. Kí oṣù yẹn tó tán, inú rírun ọjọ́ méjì péré, wọ́n ti sin bàbá Òkukù.

Áà! Ṣé ẹ mọ ẹnu aráyé. Ní Inísà, àwọn ìyá bẹ̀rẹ̀ sí í fa ọmọ wọn wọlé bí Ṣọ́jà bá ń kọjá. Wọ́n ní amí ni. Wọ́n ní ikú ló rán an, pé ó ń wá yàrá tí ikú máa wọ̀ sí. Àbúrò mi ṣàlàyé títí ẹnu rẹ̀ fi gbẹ. "Ẹ̀tù ló ń gbọ́ òórùn rẹ̀! Ọdẹ ni àwọn bàbá méjèèjì. Ọdẹ wo ni kò ní ẹ̀tù nínú yàrá?"

"A gbọ́," ni wọ́n dá a lóhùn. "Ṣùgbọ́n wọ́n kú, àbí wọn ò kú?"

Ohun tó wá dé bá wa nìyí. Màámi kì í jẹ́ kí ajá wọ yàrá wọn rárá, nítorí pẹpẹ àdúrà tó wà níbẹ̀: àpótí onígi kan tí wọ́n fi aṣọ funfun bò, tí wọ́n gbé àgbélébùú àti àbẹ́là lé lórí. Ọjọ́ kan òjò ńlá kan ń rọ̀, ààrá sán, Ṣọ́jà tí ààrá ń rán létí ogun sáré wọlé, ó sì já wọ yàrá Màámi. Wọ́n ń pariwo lé e lórí kó jáde. Ó gbọn omi ara rẹ̀ nù. Ó gbé imú sókè. Ó sì rọra jókòó síwájú pẹpẹ.

Wọ́n ránṣẹ́ pè mí ní Ìkìrun, mo gun ọ̀kadà nínú ẹrẹ̀ dé Inísà. Màámi jókòó sórí bẹ́ẹ̀dì, wọ́n ń wo ajá, ajá ń wo pẹpẹ. Wọ́n ní, "Ó ti kàn mí." Ohùn wọn ò gbọ̀n rárá. Láti ọjọ́ yẹn, wọn ò jẹun mọ́. Omi nìkan ni wọ́n ń mu, omi àdúrà tí ìjọ wọn ń pè ní omi ìyè. Obìnrin tó ń gbé garawa gààrí méjì lérí láìfọwọ́ mú un, láàárín ọ̀sẹ̀ kan egungun ọrùn wọn ti yọ. Mo bẹ̀bẹ̀, mo jágbe, mo sunkún. Mo ní bí ẹ bá fi ebi pa ara yín, èmi ò ní dárí jì yín láyé. Wọ́n ní kí n lọ bójú tó iṣẹ́ mi.

Àbúrò mi tú yàrá yẹn wò. Ó wo abẹ́ bẹ́ẹ̀dì, ó gun òkè àjà, ó yẹ ògiri wò pẹ̀lú ìka. Kò rí nǹkan kan. Ó bá kúnlẹ̀ níwájú ìyá wa, ó ní, "Màámi, ẹ jọ̀ọ́, ṣé ẹ̀tù bàbá kankan ò ṣẹ́kù sínú ilé yìí?"

"Ẹ̀tù kẹ̀? Nínú yàrá èmi ìránṣẹ́ Olúwa? Ṣé o ò gbọ́ pé mo ti sun ún ni?"

Ó na ọwọ́ sí aṣọ pẹpẹ. Màámi fi ara dí i, wọ́n ní bó bá fọwọ́ kan ohun mímọ́, kó má pe àwọn ní ìyá mọ́. Ó dá ọwọ́ padà. Nígbà tó jáde wá bá mi níta, ojú rẹ̀ ti yí padà. Ó ní, "Àǹtí mi, ajá yìí ò purọ́ fún mi rí. Màámi náà ò purọ́ fún mi rí. Kí ni kí n gbà gbọ́ báyìí?" Ọ̀rọ̀ yẹn ló kọ́kọ́ dẹ́rù bà mí lóòótọ́. Òun nìkan ló ti ń bá gbogbo ìlú jiyàn, òun náà ti dákẹ́.

A lé Ṣọ́jà jáde, ó padà. A so ó mọ́ igi, ó já okùn. Àbúrò mi ní bí wọ́n ṣe kọ́ ọ nìyẹn, pé bó bá rí nǹkan tí ọ̀gá ò bá yẹ̀ ẹ́ wò, dandan ni kó padà síbẹ̀. Àwọn ọmọkùnrin àdúgbò mú kùmọ̀ wá láti pa á. Ẹ mọ ẹni tó dá wọn dúró? Màámi ni. Wọ́n na ọwọ́ láti orí bẹ́ẹ̀dì, wọ́n ní, "Ẹ fi sílẹ̀. Kò ṣe mí ní nǹkan kan." Inú bí mi débi pé mo fọ́ àwo kan mọ́lẹ̀.

Ọ̀sán ọjọ́ kejì, mo gbé ògì gbígbóná lọ fún wọn. Mi ò tíì wọlé tí mo gbọ́ ohùn wọn, kì í sì í ṣe ohùn àdúrà. Ohùn tí obìnrin fi ń bá ọkọ rẹ̀ sọ̀rọ̀ nígbà tí àwọn ọmọ bá ti sùn ni.

"Ẹ̀yin náà ẹ wò ó," ni wọ́n ń sọ, "òrùlé yẹn ti ń jò. Ta ni mo fẹ́ rán gorí ẹ̀?" Wọ́n rẹ́rìn-ín wẹ́rẹ́ bí ẹni tí wọ́n fèsì fún. "Ẹ ò tíì ní máa lọ báyìí, àbí?"

Mo ti ilẹ̀kùn, mo wọlé. Àwọn nìkan ló wà níbẹ̀, àwọn àti ajá. Wọ́n ti gbé àga kan sẹ́gbẹ̀ẹ́ pẹpẹ, wọ́n gbé ife omi kan sí i. Ṣọ́jà ò wo èmi tí mo wọlé. Ó tẹ orí sí ẹ̀gbẹ́ kan, sápá ibi tí àga wà, bí ajá ṣe máa ń ṣe bí ẹni tó mọ̀ bá ń bá a sọ̀rọ̀. Ṣé etí tó di ló mú un tẹ orí bẹ́ẹ̀? Mi ò mọ̀. Ògì dà sí mi lẹ́sẹ̀, mi ò tiẹ̀ mọ̀ ọ́n lára títí mo fi dé ìta.

Nígbà tó yá, wòlíì ìjọ wọn dé pẹ̀lú àwọn ìyá ìjọ méjì. Ènìyàn jẹ́jẹ́ ni wòlíì yẹn, mi ò lè parọ́ mọ́ wọn. Wọ́n ní ikú ti wọlé, pé àwọn máa fi iná lé e jáde. Wọ́n ti fèrèsé pa lọ́sàn-án gangan, wọ́n tan àbẹ́là méje sórí pẹpẹ, gbogbo wa ń kọrin, àfi èmi tí mo dúró sẹ́nu ọ̀nà tí mo ká ọwọ́ lẹ́yìn. Ooru mú. Àbẹ́là ń yọ́, ó ń tẹ̀. Ṣọ́jà wà níbi tó máa ń wà, ara rẹ̀ ń gbọ̀n. Mi ò rí i kó gbọ̀n rí.

Àbẹ́là kan wó. Aṣọ funfun gbiná, iná sì ràn yíká àpótí kíá. "Ẹ̀jẹ̀ Jésù!" ni àwọn ìyá ìjọ ké, a sì forí gbárí lẹ́nu ọ̀nà níbi tí a ti ń sá. Màámi ò sá. Ajá ò sá. Iná ń jó níwájú rẹ̀, irun àyà rẹ̀ ti ń rùn, etí rẹ̀ lẹ̀ mọ́ orí, ó sì jókòó síbẹ̀ bí wọ́n ṣe kọ́ ọ. Àbúrò mi tó ń la igi lẹ́yìnkùlé gbọ́ igbe wa, ó fò wọlé, ó gbé kẹ́ẹ̀gì omi ìyè, ó sì da gbogbo rẹ̀ lé pẹpẹ lórí.

"Omi ìyè!" ni wòlíì pariwo.

"Kó jẹ́ ká rí ìyè náà," ni àbúrò mi dáhùn.

Èéfín ṣì ń yọ létí ìdérí àpótí. Ó na ọwọ́ láti ṣí i. Màámi ní, "Má ṣí i." Wọ́n tún sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kejì, bí ọmọdé tó ń bẹ̀bẹ̀. Ó ṣí i.

Gbérí bàbá wa ló wà níbẹ̀. Fìlà ọdẹ wọn wà níbẹ̀. Lábẹ́ rẹ̀, kèrègbè ńlá kan, àkísà ni wọ́n fi dí i lẹ́nu, ẹ̀tù sì kún un dé ọrùn. Iná ti jẹ igi ìdérí náà fẹ́rẹ̀ẹ́ lu jáde, díẹ̀ ló kù. Àbúrò mi fi ọwọ́ méjèèjì gbé kèrègbè náà lọ síta, ó rọra gbé e sílẹ̀ jìnnà sí ilé. Ìgbà tó padà wọlé ló wolẹ̀ síwájú ajá rẹ̀, ó dì mọ́ ọn lọ́rùn, ó ń sunkún, ó ń sọ pé, "O ṣeun, o ṣeun." Ìgbà náà ni Ṣọ́jà tó dìde.

Èmi ò lè pa á mọ́ra. "Màámi! Orí ẹ̀tù lẹ ti ń tan àbẹ́là láti ọdún mẹ́ta? Ṣé ẹ fẹ́ pa gbogbo wa ni?"

"Mo rò pé ẹ̀tù tó bá pẹ́ máa ń di eérú ni."

"Kí ló dé tí ẹ fi parọ́ pé ẹ ti sun ún? Ọmọ yín kúnlẹ̀ bi yín!"

Wọ́n wo wòlíì, wọ́n wo ilẹ̀. Wọ́n ní, "Ìjọ ni mo fi bojú. Bí mo bá kó ẹrù yẹn fún àwọn ọdẹ, wọ́n á ṣípà bàbá yín. Bí wọ́n bá ti ṣípà wọn, ó tán nìyẹn, wọn ò ní wá mọ́. Mo ń dúró dè wọ́n. Ọdún mẹ́ta, mi ò rí wọn, kódà lójú àlá. Ìgbà tí ajá yìí jókòó, mo mọ̀ pé wọ́n ti dé, pé wọ́n wá mú mi. Ẹ̀rù bà mí. Ṣùgbọ́n inú mi dùn. Ẹni tí ọkọ rẹ̀ wá mú, kí ló tún fẹ́ fi oúnjẹ ṣe?"

Wòlíì bọ́ síta. Mo jókòó ti ìyá mi lórí bẹ́ẹ̀dì, mo di ọwọ́ wọn mú, ọwọ́ náà ti tín-ín-rín.

Màámi fúnra wọn ló ní kí a pe àwọn ọdẹ. Wọ́n dé, wọ́n gba ẹrù, wọ́n sun ìrèmọ̀jé, wọ́n sì gba ọ̀nà Ìgbàyè wọ igbó lọ. Màámi tún jẹun ní ọjọ́ yẹn, ẹ̀kọ àti ọbẹ̀, wọ́n jẹ ẹ́ tán. A fọ yàrá náà, a fi sìmẹ́ǹtì rẹ́ ilẹ̀ rẹ̀ tuntun, a ṣí fèrèsé sílẹ̀. Nígbà tó gbẹ, àbúrò mi ní kí gbogbo ènìyàn wá wò ó, kí ẹnu aráyé lè pa mọ́. Ó mú Ṣọ́jà wọlé. Ajá náà gbóòórùn ibi tí àpótí wà tẹ́lẹ̀, ó gbóòórùn ẹsẹ̀ àga, ó kọjá lára ìyá wa, ó sì jáde lọ dùbúlẹ̀ sábẹ́ igi. Gbogbo ilé hó yèè. Wọ́n ní a dúpẹ́, ikú ti yẹ̀.

Màámi ò hó. Wọ́n ń wo àga. Wọ́n ní, "Pè é padà."

Àbúrò mi pè é. Ó wọlé, ó wo ojú wọn, ó tún jáde.

"Tún pè é lẹ́ẹ̀kan sí i."

"Màámi," ni àbúrò mi sọ jẹ́jẹ́, "kò sí nǹkan kan níbẹ̀ mọ́."

Wọ́n tú gèlè orí wọn. Wọ́n jókòó sórí ilẹ̀ tuntun yẹn, wọ́n na ẹsẹ̀ méjèèjì, wọ́n sì ké, igbe tí àwọn obìnrin máa ń ké bí wọ́n bá gbé òkú jáde láti inú yàrá. "Bàbá yín ti lọ o! Ọkọ mi ti lọ!" Àwọn ará ilé rò pé orí wọn ti dàrú. Ọdún mẹ́ta ni bàbá wa ti kú. Ọ̀sán yẹn ni ìyá mi di opó.